Ṣé ti Ṣáínà ni Japan ń wò kọ?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o. Èmi àti ọ̀rẹ́ mi ń jiyàn. Ó ní kò sóhun tó ń jẹ́ iṣẹ́ ọnà Japan, pé ti Ṣáínà ni wọ́n ń wò kọ látìbẹ̀rẹ̀. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni?

ÌDÁHÙN: Ọ̀rẹ́ yín rí ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ náà, kò dé ìdí rẹ̀. Láti ọ̀rúndún kẹfà tí ẹ̀sìn Búdà ti gba Kọ̀ríà wọ Japan ni ọnà Ṣáínà ti ń bá a wọlé: ère, tẹ́ńpìlì, títí kan bí wọ́n ṣe ń kọ̀wé. Àwòrán tàdáwà ni mo fẹ́ kẹ́ ẹ wò, torí ibẹ̀ lọkàn mi wà.

Muqi, ajẹ́jẹ̀ẹ́ ìsìn Búdà kan ní Ṣáínà ní ọ̀rúndún kẹtàlá, ya ìyá ọ̀bọ kan sórí ẹ̀ka igi páìnì, ó gbá ọmọ rẹ̀ mọ́ra. Irun ara ìyá yẹn máa ń mú mi dúró pẹ́. Àwọn lámèyítọ́ ní Ṣáínà níbi tó ti wá ní iṣẹ́ rẹ̀ kò dán, kò ní òfin. Japan ló gbé e gẹ̀gẹ̀; tẹ́ńpìlì Daitoku-ji ní Kyoto ni àwòrán náà wà dòní. Ṣé ẹni tó kàn ń wò kọ á mú ohun tí onílé fọwọ́ rọ́ sẹ́yìn?

Sesshū, ayàwòrán ará Japan, tiẹ̀ wọkọ̀ ojú omi lọ Ṣáínà ní 1467. Nígbà tó dàgbà, ní 1495, ó kọ ọ́ sórí àwòrán tó fún ọmọ iṣẹ́ rẹ̀ pé ìrìn àjò náà ló jẹ́ kóun mọyì Josetsu àti Shūbun, àwọn ọ̀gá ayàwòrán ní Japan níbẹ̀.

Èyí tí mo fẹ́ràn jù nínú àwọn ayàwòrán Japan ni Hasegawa Tōhaku (1539–1610). Ó ya ọ̀bọ tirẹ̀, ẹni tó bá wò ó á mọ̀ pé ti Muqi ló wà lọ́kàn rẹ̀. Ó tún ya igi páìnì nínú kùrukùru, sórí aṣíji bébà méjì tó ṣeé ká, irú èyí tí wọ́n ń gbé dúró bí ògiri nínú yàrá, ìkọ̀ọ̀kan fẹ̀ ju mítà 3 lọ. Tàdáwà kíki ló fi ya igi tó wà nítòsí, ó fomi là á fún èyí tó jìnnà. Kò sí ènìyàn níbẹ̀, kò sí ilé. Bébà funfun ló pọ̀ jù, síbẹ̀ ọ̀rinrin ni ojú ń rí. Ọ̀dọ̀ Muqi ló ti kọ́ kùrukùru yẹn. Àmọ́ pé kó kó gbogbo nǹkan yòókù kúrò, kó wá fi kùrukùru nìkan gba odindi ògiri, Tōhaku ló ni ìyẹn.