Súwẹ́tà kan péré ló gbẹ

Ẹ̀yin tí ẹ ń béèrè ohun tí ẹ máa gbé dání fún ìrìn ọjọ́ mẹ́ta lórí òkè tí mọ́tò ò dé, mo rí i pé ọ̀rọ̀ ẹranko ló gbà yín lọ́kàn jù. Ẹranko kankan ò lé èmi rí. Òjò ló fẹ́rẹ̀ẹ́ pa èmi àti ọ̀rẹ́ mi.

Òtútù ọjọ́ náà ò tiẹ̀ le, nǹkan bíi 10°C ni. Ṣẹ́ẹ̀tì òwú la wọ̀, òjò pa wá, aṣọ tutù rinrin, atẹ́gùn sì ń fẹ́. A ti jọ sọ ọ́ pé tó bá di aago 2 a máa padà, ibi yòówù ká dé. Aago 2 lù, a rí ṣóńṣó òkè lọ́ọ̀ọ́kán, a ní ó ku díẹ̀.

Nígbà tó yá, ọ̀rẹ́ mi ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tó mutí yó. Mo rò pé àwàdà ni, mo tiẹ̀ rẹ́rìn-ín. Àfìgbà tí mo rí i tó ń fa síìpù báàgì rẹ̀ tí ìka rẹ̀ ò lè gbá a mú, tí kò sì gbọ̀n mọ́. Àyà mi já. Tí ẹni tí òtútù mú bá ṣíwọ́ gbígbọ̀n láìtíì yá gágá, ẹ má yọ̀. Agbára ara rẹ̀ ló ń tán.

Súwẹ́tà tí mo dì sínú ọ̀rá nìkan ló gbẹ. Mo bọ́ aṣọ tutù lára rẹ̀, mo wọ súwẹ́tà náà sí i lọ́rùn, mo gbé e jókòó lórí báàgì kí ilẹ̀ má baà fa ooru ara rẹ̀, mo sì dì mọ́ ọn lẹ́yìn àpáta. Nígbà tí eyín rẹ̀ tún bẹ̀rẹ̀ sí í gbá ara wọn, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ jó.

Látìgbà yẹn, mo ní aṣọ tí mi ò kì í fi rìn láé, sísùn nìkan ni. Àpò àyà ni fóònù mi ń gbé, torí òtútù máa ń pa bátìrì. Mo sì máa ń pa nẹ́tíwọ́ọ̀kì rẹ̀, kó má baà máa wá ohun tí kò sí kiri. Ẹ mú tọ́ọ̀ṣì tí wọ́n ń dè mọ́ orí dání. Ẹ mú fèrè náà; tẹ́ ẹ bá nílò ìrànlọ́wọ́, ẹ̀ẹ̀mẹta lẹ máa fọn ọ́n tẹ̀ léra, torí ohùn ẹnu kì í pẹ́ há. Omi odò, ẹ jẹ́ kó hó fún ìṣẹ́jú kan gbáko kẹ́ ẹ tó mu ún, mẹ́ta tẹ́ ẹ bá ti ga ju 2,000 mítà lọ.

Àmọ́ kẹ́ ẹ tó di báàgì, ẹ kọ ọ̀nà tẹ́ ẹ máa gbà àti aago tẹ́ ẹ máa dé sílẹ̀ fún ẹnì kan nílé. Àwa ò ṣe bẹ́ẹ̀. Ìyàwó ọ̀rẹ́ mi rò pé bọ́ọ̀lù la lọ wò.