Ta Ló Jà fún Bọ́ọ̀sì Ọmọ Mi?

Ìbéèrè: Ẹ̀yin òbí, ẹ jọ̀ọ́. Dorchester ní Boston là ń gbé. Ọmọkùnrin mi ń bá ètò METCO lọ sílé ìwé ní ìlú kan lẹ́yìn odi; ètò náà ló ń fi bọ́ọ̀sì kó àwọn ọmọ Boston lọ sílé ìwé láwọn ìlú ìtòsí tọ́mọ òyìnbó pọ̀ sí. Aago márùn-ún ìdájí la ti ń jí i. Lánàá ló bi mí pé, "Mọ́mì, ṣé àwọn òyìnbó ló ṣàánú wa tí mo fi ń lọ síbẹ̀?" Ẹnu mi wọhò. Kí ni kí n sọ?

Ìdáhùn: Àbúrò mi, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ. Ọdún méje lọmọ tèmi fi wọ bọ́ọ̀sì yẹn. Mo mọ òtútù ibùdókọ̀ ìdájí bí ẹni mọ owó. Ẹ má jẹ́ kó gbà pé sàráà ni. Ẹ dárúkọ Ruth Batson fún un, ìyá aláwọ̀ dúdú tó jà fún ẹ̀kọ́ àwọn ọmọ dúdú ní Boston.

Roxbury, ní Boston níbí, ni wọ́n bí i sí ní 1921, Jàmáíkà làwọn òbí rẹ̀ ti wá. Ọmọ àjèjì ni, bíi tàwọn ọmọ wa. Òun náà bímọ obìnrin mẹ́ta. Òun àtàwọn òbí ẹgbẹ́ rẹ̀ ń wọ ilé ìwé kan bọ́ sí òmíràn, wọ́n ń fojú ara wọn wò ó. Níbi tọ́mọ òyìnbó pọ̀ sí, kíláàsì ò kún, ìwé ò wọ́n, tíṣà ń dúró pẹ́. Níbi tọ́mọ dúdú pọ̀ sí, kíláàsì kún débi pé ọ̀dẹ̀dẹ̀ làwọn ọmọ kan ń jókòó sí. Ọ̀dẹ̀dẹ̀, tọ́mọ fẹ́ kàwé!

Ó díje fún ìgbìmọ̀ ilé ìwé Boston ní 1951, kò wọlé. Ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹfà, 1963, ó ṣáájú ikọ̀ NAACP, ẹgbẹ́ tó ń jà fẹ́tọ̀ọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú, lọ kojú ìgbìmọ̀ náà, ó ní àsìkò ẹ̀bẹ̀ ti kọjá. Wọ́n kọ̀ jálẹ̀ láti gbà pé wọ́n ń ya ọmọ dúdú sọ́tọ̀. Kò ju ọ̀sẹ̀ kan lọ tí ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọmọ dúdú fi ilé ìwé sílẹ̀ fún ọjọ́ kan láti fẹ̀hónú hàn.

METCO bẹ̀rẹ̀ ní 1966 pẹ̀lú ọmọ 220 àti ìlú méje. Batson wà lára àwọn tó dá a sílẹ̀, ó sì wà lára àwọn tó darí rẹ̀. Owó ìjọba ìpínlẹ̀ ló ń gbé e dúró, owó orí tiyín náà sì wà níbẹ̀. Ó ń dùn mí pé tí wọ́n bá ti sọ̀rọ̀ Boston, àṣẹ Adájọ́ Garrity ní 1974, tó mú kí wọ́n máa fi bọ́ọ̀sì gbé ọmọ kí dúdú àti funfun lè jọ kàwé, àti òkúta táwọn òyìnbó tínú ń bí sọ lu bọ́ọ̀sì àwọn ọmọ dúdú ni gbogbo ẹnu ń sọ. Ìyá tó ti ń jà láti nǹkan bí ogún ọdún ṣáájú, ta ló ń rántí rẹ̀?

Ẹ sọ fún un lálẹ́ òní, kó tó sùn. Nígbà tí tèmi gbọ́ ọ, ó ní kí n kọ orúkọ obìnrin náà sí páálí kékeré kan fóun. Inú báàgì ìwé rẹ̀ ló wà títí ó fi jáde.