Ọmọ mi ò fẹ́ jẹ́ Fábùnmi mọ́

Ìbéèrè: Ẹ̀yin òbí tó ti pẹ́ nílẹ̀ yìí, ẹ jọ̀ọ́. Manchester la wà. Tóbi ọmọ mi ọkùnrin, ọmọ ọdún 13, ní òun ò jẹ́ Fábùnmi tó jẹ́ orúkọ ìdílé wa mọ́. Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì náà ní orúkọ òrìṣà ni, ká yí i sí Olúbùnmi. Ọkọ mi ò fọhùn. Ṣé ká yí i ni? Ìyá Tóbi.

Ìdáhùn: Ìyá Tóbi, ẹ kú ọmọ wíwò o.

Ẹ jẹ́ ká mú ti ṣọ́ọ̀ṣì kúrò ná, òun ló rọrùn jù. Bíṣọ́ọ̀bù Crowther ò bọ́ Àjàyí rẹ̀ sílẹ̀. Ọ̀jọ̀gbọ́n Fáfunwá tó ṣe mínísítà ètò ẹ̀kọ́, Mùsùlùmí ni, Fáfunwá ló sì jẹ́ dọjọ́ ikú. Ilé tí wọ́n ti bí baba ńlá ọkọ yín ni Fá yẹn ń sọ: ilé awo. Bẹ́ẹ̀ náà ni Ọ̀jẹ̀ ń sọ ilé eégún, tí Ọdẹ ń sọ ilé ọdẹ. Ẹnìkan ṣoṣo ló sì ń jẹ́ Fábùnmi kó tó di ti gbogbo yín.

Àyàn ni tiwa, ilé onílù ní Ìsẹ́yìn. Àkọ́bí mi ní ibi iṣẹ́ tí òun bá fi Àyándélé kọ̀wé sí kì í pe òun. Ó lọ ṣe deed poll, ìwé òfin tí wọ́n fi ń yí orúkọ padà níbí, ó di Daniels. Ó ti lé lọ́dún 16, òfin gbà á láyè. Kí ẹnikẹ́ni má sọ pé n ò kọ́ ọ. Iṣẹ́ òru ni mò ń ṣe nígbà yẹn, ìyá rẹ̀ ń ṣe ti ọ̀sán. Ta ló fẹ́ jókòó máa ki ọmọ? Ó sì ríṣẹ́ lóòótọ́.

Ẹ̀yìn ìyẹn ni bàbá mi kú, gbogbo wa wá lọ sílé. Ẹni tó ń tọ́jú ìwé ètò ìsìnkú rí Daniels láàárín àwọn ọmọ-ọmọ, ó rò pé àlejò ṣèèṣì bọ́ sí i, ó gé e kúrò. Lọ́jọ́ ìnáwó, ẹnìkan ń ka orúkọ, dùndún ń gbà á. Ẹni tí wọ́n bá pè á bọ́ sójú agbo, á jó, á náwó fún onílù. Ọmọ mi ti wọ aṣọ ẹbí, ó ti ṣẹ́ owó tuntun sọ́wọ́. Wọ́n pe ọmọ àbúrò mi tó ṣì wà lẹ́yìn ìyá rẹ̀, wọn ò pè é. Ẹnìkan tiẹ̀ bi í pé èwo nínú àwọn ọmọbìnrin wa ló ń fẹ́. Èmi wà níbi tí mo ti ń dá àlejò lóhùn. Alẹ́ ni àbúrò mi tó sọ fún mi. Mo bi ọmọ náà, ó ní kò séwu. Kò bá wa délé mọ́ látìgbà náà. Ìyàwó rẹ̀ ti lóyún báyìí, n ò tíì lè bi í léèrè orúkọ tí ọmọ máa jẹ́.

Ẹ ò bi mí léyìí o. Ti Tóbi: ọmọ ọdún 13 ò lè dá a ṣe lábẹ́ òfin ibí, ẹ̀yin òbí méjèèjì lẹ máa gbà sí i, torí náà ọkọ yín ò ráyè dákẹ́. Kí wọ́n pe àgbà ilé wọn, kí wọ́n gba oríkì ilé náà sórí fóònù, kí Tóbi gbọ́ ọ kó tó pé 16. Bó bá ṣì fẹ́ yí i lẹ́yìn ìyẹn, ẹ jẹ́ kó yí i. Àmọ́ ẹ tètè fi orúkọ tuntun náà ránṣẹ́ sí ẹni tó ń tọ́jú ìwé ẹbí.