Ṣé n lè fi ìrora bàbá àgbà kan ṣe eré apanilẹ́rìn-ín?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́, mà. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi jà fún June 12 ní Mushin. Wọ́n tì wọ́n mọ́lé, iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ wọn. Ní báyìí, tí olóṣèlú bá ti lanu lórí rédíò, wọ́n á yí i sí bọ́ọ̀lù. Síbẹ̀ pósítà Hope '93, ti ìpolongo ìbò MKO Abiola, ṣì wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn yàrá wọn. Mo fẹ́ kọ eré apanilẹ́rìn-ín nípa wọn, àmọ́ bàbá mi ní ìwọ̀sí ni. Ṣé kí n jáwọ́? (Akẹ́kọ̀ọ́ tíátà, Ìbàdàn)

ÌDÁHÙN: Má jáwọ́, ọmọ mi. Ibi tí wàá ti pa wá lẹ́rìn-ín ni kí o mọ̀.

Nígbà tí Babangida fagi lé ìbò June 12 tí MKO wọlé ní June 23, 1993, ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin búra pé abẹ ò ní kan irùngbọ̀n àwọn àfi tí MKO bá wọ Aso Rock. Onígbàjámọ̀ àdúgbò wa náà búra pé ọ̀fẹ́ lòun máa fá a lọ́jọ́ náà. Wọ́n ti MKO mọ́lé ní 1994, wọ́n yìnbọn pa Kudirat ìyàwó rẹ̀ ní 1996, irùngbọ̀n ń gùn bọ̀ wá sí àyà. Bí Abacha ṣe kú ní June 8, 1998, onígbàjámọ̀ ti pọ́n abẹ sílẹ̀. Kò pé oṣù kan, July 7, MKO kú sí àtìmọ́lé.

Ẹ̀gbọ́n mi lọ jókòó sórí àga onígbàjámọ̀. Wọ́n ní MKO ò dé Aso Rock, nítorí náà àwọn á sanwó. Ó ní òun ò gbowó ọ̀fọ̀. Wọ́n jiyàn títí ilẹ̀ fi ṣú, omijé ń bọ́ lójú àwọn méjèèjì, àwa tá a dúró sì ń rẹ́rìn-ín, torí ọ̀rọ̀ tó bá ju ẹkún lọ, ẹ̀rín là á fi í rín. Irùngbọ̀n ò kúrò lọ́jọ́ yẹn. Kò sẹ́nikẹ́ni níbẹ̀ tó fojú òmùgọ̀ wo ẹ̀gbọ́n mi. A mọ̀ pé nínú gbogbo àwọn tó búra fún Nàìjíríà lọ́dún yẹn, àwọn nìkan ni wọn ò yẹhùn.

Pósítà ẹ̀yìn ilẹ̀kùn yẹn ni eré rẹ. Kí ló dé tí wọn ò fà á ya? Bi wọ́n. Bi wọ́n pẹ̀lú ohun tí wọ́n ṣe ní June 12, 2019, tí gbogbo Nàìjíríà kọ́kọ́ gba ìsinmi fún ọjọ́ náà. Ẹ̀gbọ́n mi tètè wẹ̀, wọ́n wọ agbádá, wọ́n gbé àga mẹ́fà síta fún àwọn tó máa wá kí wọn. Nígbà tí mo débẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́, àga márùn-ún ni mo bá wọn kó wọlé.