Kí nìdí tí àwọn obìnrin ọlọ́lá fi ń kúnlẹ̀ bu omi sọ́wọ́ ayaba Gẹ̀ẹ́sì?

Ìbéèrè tó dáa ni ẹni yìí béèrè. Ó kà á níbì kan pé ní ọ̀rúndún kejìdínlógún, láàfin Gẹ̀ẹ́sì, obìnrin tó jẹ́ ọmọ ọlọ́lá a máa kúnlẹ̀ tí ayaba bá fẹ́ fọ ọwọ́, ó sì fẹ́ mọ ìtumọ̀ àṣà náà. Ó tún béèrè nípa fífi ẹ̀yìn rìn níwájú ọba àti nípa yẹ̀rì gbẹ̀ǹgbẹ̀ tí wọ́n ń wọ̀. Ìdáhùn tí wọ́n fún un ló bí mi nínú. Ẹnì kan ní ẹrú ni àwọn obìnrin náà. Ẹlòmíràn ní ìyà ni, pé àlè ọba ni obìnrin tó wà nínú ìtàn yẹn, owú orogún ni ayaba sì ń jẹ. Ẹ̀yin ará, ẹ dákun. Eré orí tẹlifíṣọ̀n lẹ fi ń pìtàn! Èmi tí mo ti ń tú lẹ́tà àwọn ará ààfin yìí láti ìgbà tí irun orí mi ṣì dúdú, mi ò lè rí irú èyí kí n mójú kúrò.

Ohun tí mo gbà gbọ́ rèé, mi ò sì ní yẹ̀ lórí rẹ̀: láàfin yẹn, ẹni tí wọ́n bá gbà láyè kí ọwọ́ rẹ̀ kan ara ayaba ni alágbára. Ipò ni ìkúnlẹ̀ yẹn, àwọn ìdílé ńlá sì ń bá ara wọn du irú ipò bẹ́ẹ̀. Ó yẹ kí ọmọ Yorùbá tètè lóye rẹ̀ ju ẹnikẹ́ni lọ. Obìnrin wa ń kúnlẹ̀ kí ìyá ọkọ, ó ń kúnlẹ̀ gbé omi fún bàbá rẹ̀, ta ló pè é lẹ́rú rí?

Obìnrin tó wà nínú ìtàn náà ni Henrietta Howard, ọmọ ìdílé Hobart láti Norfolk. Ọkọ tó fẹ́, Charles Howard, ọ̀mùtí ni, atatẹ́tẹ́ ni, ó sì ń lù ú. Nígbà tí ìyà pọ̀, tọkọtaya náà kó ìwọ̀nba tó ṣẹ́ kù fún wọn, wọ́n gba Hanover lọ ní ilẹ̀ Jámánì, torí gbogbo ayé ló mọ̀ pé Ọbabìnrin Anne kò ní ọmọ láyé mọ́, àwọn ará Hanover ni adé sì máa bọ́ sí lọ́wọ́. Ọgbọ́n náà ṣiṣẹ́. Anne wàjà ní 1714, George Kìíní gorí ìtẹ́, Caroline tó jẹ́ ìyàwó ọmọ rẹ̀ sì mú Henrietta sínú àwọn obìnrin yàrá rẹ̀. Nígbà tó yá, ọkọ Caroline, ẹni tó wá di George Kejì ní 1727, fi Henrietta ṣe àlè. Caroline mọ̀. Gbogbo ààfin mọ̀.

Ẹ jẹ́ ká fara balẹ̀ níbí o, torí ibí ni àwọn oníròyìn kíákíá ti máa ń ṣìnà. Oríṣi obìnrin méjì ló ń dúró ti ayaba nínú yàrá. Àwọn àgbà jẹ́ ìyàwó ìjòyè ńlá, ọkọ wọn a máa jẹ́ Duke tàbí Earl. Àwọn tó tẹ̀ lé wọn jẹ́ ọmọ ọlọ́lá náà, ṣùgbọ́n ọkọ wọn kò tíì joyè. Ọ̀wọ́ kejì yìí, tí wọ́n ń pè ní obìnrin yàrá, ni Henrietta wà. Wọ́n ń gbowó oṣù, wọ́n ní ìránṣẹ́ tiwọn nílé, àwọn ìdílé sì ń bẹ̀bẹ̀ kiri kí ọmọ wọn lè débẹ̀.

Nígbà tí Caroline wá di ayaba, tí wọ́n ní kí Henrietta kúnlẹ̀ gbé abọ́ ìfọwọ́, ó ní òun ò ní kúnlẹ̀. Ó fẹ́ mọ bóyá ó wà nínú iṣẹ́ òun lóòótọ́. Wọ́n bá wá ẹni tó mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é láyé Anne: Abigail Masham, obìnrin yàrá Anne, tó ti kúrò láàfin nígbà náà. Dókítà John Arbuthnot, tó ti jẹ́ oníṣègùn Anne, ló gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀, ó sì kọ ọ́ ránṣẹ́ sí Henrietta ní oṣù karùn-ún ọdún 1728. Lẹ́tà náà wà títí dòní. Ẹ gbọ́ ohun tó wà nínú rẹ̀.

Tí Ọbabìnrin bá fẹ́ pààrọ̀ àwọ̀tẹ́lẹ̀ lọ́sàn-án, obìnrin yàrá ló máa mú un fún ìyàwó ìjòyè, ìyàwó ìjòyè ló máa wọ̀ ọ́ fún Ọbabìnrin. Abẹ̀bẹ̀ náà lè gba ọwọ́ méjèèjì bẹ́ẹ̀. Yàtọ̀ sí èyí, ìyàwó ìjòyè kò ṣe nǹkan mìíràn nídìí ìmúra. Tó bá kan ọwọ́ fífọ̀, ọmọkùnrin tó ń ṣọ́ àtẹ̀gùn ẹ̀yìnkùlé á gbé abọ́ àti jọ́ọ̀gì omi sórí tábìlì ẹ̀gbẹ́. Obìnrin yàrá á gbé e síwájú Ọbabìnrin, á kúnlẹ̀ ní òdìkejì tábìlì, á da omi sí i lọ́wọ́. Ìyàwó ìjòyè á kàn máa wò. Tí Ọbabìnrin kò bá lè fúnra rẹ̀ wọ ìbọ̀wọ́, obìnrin yàrá ló máa wọ̀ ọ́ fún un. Bàtà ńkọ́? Ọmọkùnrin àtẹ̀gùn ni wọ́n ń pè wọlé wá wọ̀ ọ́. Ṣokoléètì gbígbóná, obìnrin yàrá ló ń gbé e wá, ṣùgbọ́n kì í kúnlẹ̀ fún ìyẹn. Paríparí rẹ̀, Abigail ní obìnrin yàrá kò sí lábẹ́ àṣẹ ìyàwó ìjòyè.

Ṣé ẹ ti rí i? Ká ní ìyà ni ìkúnlẹ̀, wọn ì bá máa kúnlẹ̀ fún ṣokoléètì náà. Àwọ̀tẹ́lẹ̀ tó lẹ̀ mọ́ ara ni wọ́n fi sílẹ̀ fún obìnrin tó ga jù. Ọwọ́ àti omi bọ́ sí ti ẹni tó tẹ̀ lé e. Bàtà tó ń tẹ ilẹ̀ ni wọ́n gbé fún ọmọkùnrin. Bí nǹkan bá ṣe sún mọ́ awọ ara Ọbabìnrin tó, bẹ́ẹ̀ ni ẹni tó ń mú un ṣe ga tó. Àṣà náà sì dàgbà ju Anne lọ dáadáa. Ní Heydon, tó wà ní Essex nígbà náà, ẹni tó bá ni ilẹ̀ ibẹ̀ ló ní ẹ̀tọ́ láti di aṣọ ìnuwọ́ mú fún ọba lọ́jọ́ ìwúyè, nígbà tí ọba bá ń fọ ọwọ́ kó tó jẹun. Ẹ̀tọ́ ni wọ́n pè é, wọ́n a sì máa lọ síwájú ìgbìmọ̀ láti gbà á. Ta ló ń lọ rojọ́ kí wọ́n lè fi òun ṣe ẹrú?

Bí èmi ṣe rí i, kì í ṣe omi ló ń bí Henrietta nínú. Ọba ti fẹ́ràn rẹ̀, ó wá ń wo ara rẹ̀ bí ẹni tó ti kúrò ní ọ̀wọ́ kejì, abọ́ yẹn sì ń rán an létí pé kò tíì kúrò. Caroline fúnra rẹ̀ sọ ọ̀rọ̀ náà fún Lord Hervey, ìjòyè ààfin kan tó kọ ọ́ sílẹ̀. Ó ní ẹ̀rẹ̀kẹ́ Henrietta pọ́n wẹ̀, ó ń fi ojú kéékèèké yẹn wo òun, ó ní òun ò ní ṣe é. Caroline kò jágbe mọ́ ọn. Ó bá a sọ̀rọ̀ bí ẹní ń bá ọmọ alágídí sọ̀rọ̀: ó dá òun lójú pé yóò ṣe é, kó máa lọ ná, àwọn á sọ ọ́ nígbà mìíràn. Henrietta sì padà ṣe é. Ní 1731 ọkọ rẹ̀ di Earl ti Suffolk, òun náà di ìyàwó ìjòyè ńlá, wọ́n sì fi í ṣe olórí aṣọ ayaba. Bí ó ṣe bọ́ lọ́wọ́ abọ́ omi nìyẹn. Oyè ló yọ ọ́, kì í ṣe ìfẹ́ ọba.

Ẹni tó bá ṣì ń ṣiyèméjì, kó lọ wo Sarah Churchill, ìyàwó Duke ti Marlborough. Láti 1702, ọwọ́ rẹ̀ ni kọ́kọ́rọ́ wúrà yàrá Anne, tó jẹ́ àmì ipò rẹ̀, wà, ọwọ́ rẹ̀ ni aṣọ wà, ọwọ́ rẹ̀ ni àpò owó Ọbabìnrin wà. Òun ló mú ìbátan rẹ̀ tó kúṣẹ̀ẹ́, Abigail yìí kan náà, wọ ààfin. Abigail ń tọ́jú Anne nígbà tí ẹsẹ̀ ríro kò jẹ́ kó gbádùn, Sarah sì ń jìnnà sí yàrá, ó ń bá Ọbabìnrin jà lórí ọ̀rọ̀ òṣèlú. Ẹ̀yìnkùlé lọ̀tá wà, inú ilé ni aṣeni ń gbé. Abigail ló wá di ọ̀nà tí Robert Harley ń gbà bá Anne sọ̀rọ̀, ọkùnrin náà sì padà di olórí ìjọba. Ní oṣù kìíní 1711, Duke ti Marlborough, ọ̀gágun tó ṣẹ́gun ní Blenheim ní 1704, kúnlẹ̀ níwájú Anne pé kó má gba kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́ ìyàwó òun. Anne kọ̀. Ọ̀gágun ńlá, nítorí kọ́kọ́rọ́ yàrá! Abigail ni wọ́n gbé àpò owó fún.

Ohun tó ń dùn mí ni pé ìwé wà, lẹ́tà wà, ṣùgbọ́n fídíò oníṣẹ́jú kan ló tẹ́ wa lọ́rùn. Àwọn ọmọ wa lè ka oríṣi wíìgì tí òṣèré wọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, wọn ò mọ orúkọ obìnrin kan ṣoṣo tó dúró nínú yàrá yẹn. Ẹ̀yin tí ẹ wà ní Lọ́ńdọ̀nù, ilé tí Henrietta kọ́ wà ní Twickenham lẹ́bàá odò Thames, Marble Hill lorúkọ rẹ̀. Ẹ̀ ń mú ọmọ lọ gbá bọ́ọ̀lù lórí pápá rẹ̀. Ẹ sọ fún wọn pé owó tí George Kejì fún un ló fi kọ́ ọ, pé lẹ́yìn tó kúrò láàfin ní 1734, ibẹ̀ ló ti gbádùn ayé rẹ̀ pẹ̀lú ọkọ mìíràn.

Ti fífi ẹ̀yìn rìn kò gùn: nígbà náà, ẹnikẹ́ni kì í kọ ẹ̀yìn sí ọba. Frances Burney, tó ń tọ́jú aṣọ Ayaba Charlotte, ìyàwó George Kẹta, láti 1786 sí 1791 fún £200 lọ́dún, rí Lady Charlotte Bertie ní Oxford tó ń fi ẹ̀yìn rìn la gbọ̀ngàn gígùn já pẹ̀lú ọrùn ẹsẹ̀ tó fi rọ́. Yẹ̀rì gbẹ̀ǹgbẹ̀ sì ni aṣọ tí òfin ààfin là sílẹ̀. Wọ́n ń wọ̀ ọ́ níbẹ̀ nígbà tí gbogbo ìlú ti pa á tì, títí George Kẹrin fi fòpin sí i ní 1820.