Bí wọ́n bá lé aṣojú ìjọba, ṣé físà ọmọ mi ti bàjẹ́ nìyẹn?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Faransé lọmọ mi ti ń kàwé. Láti ìgbà tí àwọn ológun ti lé aṣojú Faransé kúrò ní Niger lọ́dún 2023 ni àyà mi ti ń já. Bí Nàìjíríà náà bá lọ bá wọn jà ńkọ́? Ṣé wọ́n á dá ọmọ mi padà wálé ni?
Ìyá akẹ́kọ̀ọ́, Ìbàdàn

Ìdáhùn: Ẹ fọkàn balẹ̀, Màmá. Físà ọmọ yín kò sí lọ́wọ́ aṣojú tí wọ́n lé. Ìjọba tó fún un nìkan ló lè gbà á.

Ìjà ìjọba kì í dédé já okùn àjọṣe láàárín orílẹ̀-èdè méjì. Ẹ rántí July 1984: wọ́n jí Umaru Dikko, mínísítà ìrìnnà wa tẹ́lẹ̀ tó sá lọ síbẹ̀, gbé ní London, wọ́n gún un lábẹ́rẹ́ oorun, wọ́n kàn án mọ́ inú àpótí pákó láti fi bàálù gbé e wá sí Èkó. Àwọn aṣọ́bodè pápákọ̀ òfurufú Stansted ló ṣí àpótí náà, torí kò ní àmì ẹrù aṣojú ìjọba, tí òfin kì í jẹ́ kí wọ́n ṣí, bó ṣe yẹ. Gẹ̀ẹ́sì lé òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ aṣojú wa, ojú kọrẹ́ lọ́wọ́, ó sì di 1986 kí ara tó rọ̀. Síbẹ̀, àwọn ọmọ wa ń kàwé níbẹ̀.

A ti já okùn pátápátá pẹ̀lú Faransé rí, ní January 1961. Wọ́n ń yin bọ́ǹbù átọ́míìkì ní aṣálẹ̀ Sàhárà; nígbà tó di ẹlẹ́ẹ̀kẹta, ìjọba Balewa fún aṣojú wọn ní wákàtí 48, ó sì ti èbúté mọ́ ọkọ̀ wọn. Àwọn tó kọ́kọ́ jẹ̀yà rẹ̀ ni Dahomey (Benin òní) àti Niger, aládùúgbò wa, tí ẹrù wọn ń gba ọ̀dọ̀ wa kọjá! Ọdún 1965 ni ìjà parí.

Bí okùn tilẹ̀ já, Àdéhùn Vienna ti 1963, ìyẹn àdéhùn àgbáyé lórí iṣẹ́ kọ́ńsúlù, sọ pé iṣẹ́ kọ́ńsúlù, ìyẹn pásípọ́ọ̀tù, físà àti ìrànlọ́wọ́ ọmọ ìlú, kì í tìtorí ìyẹn nìkan dúró.

Ibi tí bàtà ti ń ta ni tí wọ́n bá ti ilẹ̀kùn. Faransé ti ẹ́ńbásì rẹ̀ ní Niamey pa ní January 2024. Ẹni tó ń wá físà tuntun kò ní ojú fèrèsé tó máa lọ dúró sí níbẹ̀ mọ́. Bí tiwa ní Paris bá tì, orílẹ̀-èdè mìíràn ni ọmọ yín á ti lọ tún pásípọ́ọ̀tù ṣe. Torí náà, lálẹ́ òní, ẹ ní kó wo ọjọ́ tí pásípọ́ọ̀tù àti ìwé ìgbélùú rẹ̀ máa parí. Bó bá ku oṣù díẹ̀, kó bẹ̀rẹ̀ báyìí.