Ṣé àkọsílẹ̀ Guinness lè sọni di Grandmaster?

Ìbéèrè: Ẹ̀yin olóòtú, ọmọ mi ní wákàtí 60 tí Tunde Onakoya fi ta ṣẹ́ẹ̀sì ní Times Square lọ́dún 2024 ti sọ ọ́ di Grandmaster, oyè tó ga jù lọ fún atayò ṣẹ́ẹ̀sì. Ṣé lóòótọ́?

Ìdáhùn: Rárá o. Iṣẹ́ ńlá ni Onakoya ṣe, owó tó fi wá fún ẹ̀kọ́ àwọn ọmọdé sì wú wa lórí gan-an. Àmọ́ ìfaradà ni Guinness ń wọ̀n: alátakò kan náà, ìsinmi ìṣẹ́jú 5 fún wákàtí kọ̀ọ̀kan.

FIDE, àjọ ṣẹ́ẹ̀sì àgbáyé, ló ń fi ẹni joyè Grandmaster. Ẹni tó ń wá a gbọ́dọ̀ dé ìwọ̀n 2500, ìyẹn máàkì tí FIDE fi ń wọ̀n agbára atayò. Bó bá tún já wálẹ̀ lẹ́yìn náà, kò burú. Ó sì gbọ́dọ̀ gba ohun tí wọ́n ń pè ní norm, ìyẹn èsì ìdíje tó dára tó láti kà fún oyè náà; ó sábà máa ń jẹ́ 3, kí ayò inú wọn pé 27. Nínú norm kọ̀ọ̀kan, ó ní láti ta bí ẹni ìwọ̀n 2600, kí Grandmaster tó bá ta má sì dín ní 3. Ibẹ̀ gan-an ló ti ń dí àwọn ọmọ wa lọ́wọ́: ìdíje tí Grandmaster inú rẹ̀ kò tó 3 kò lè mú norm jáde, kódà bí èèyàn borí gbogbo wọn. Wọ́n á fẹ́rẹ̀ẹ́ máa wọkọ̀ òfurufú kiri láti wá ìdíje tí Grandmaster inú rẹ̀ tó ni.

Maurice Ashley, ọmọ Jàmáíkà tó dàgbà ní New York, ni aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba oyè náà, lọ́dún 1999.